Báwo ni mo ṣe lè dá igi scarlet oak mọ̀ láàárín àwọn igi óákù yòókù?

Ewé ni kó o kọ́kọ́ wò. Ewé scarlet oak, tí orúkọ sáyẹ́ǹsì rẹ̀ ń jẹ́ Quercus coccinea, máa ń ya sí apá méje lọ́pọ̀ ìgbà. Àlàfo àárín àwọn apá náà wọnú gan-an, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ kan ìṣàn àárín ewé, ṣónṣó wọn sì mú. Tó bá dìgbà ìwọ́wé, ewé náà á pupa fòò, òun ló jẹ́ kí wọ́n máa gbìn ín sí ẹ̀gbẹ́ títì.

Pin oak ló máa ń tan èèyàn jẹ jù, torí ewé tiẹ̀ náà ya bẹ́ẹ̀. Má wulẹ̀ bá ewé jà: ṣa èso tó jábọ́ sílẹ̀, kó o wo ṣónṣó rẹ̀ dáadáa. Èso scarlet oak sábà máa ń ní ìlà róbótó tín-ín-rín níbẹ̀, ọ̀kan yí èkejì ká, bíi pé wọ́n fi abẹ́rẹ́ fà á. Ìdérí èso náà jìn, ó máa ń bo nǹkan bí ìdajì rẹ̀. Ti pin oak kò jìn rárá.

Ìlà oòrùn Amẹ́ríkà ni ilé scarlet oak, láti Maine títí dé Georgia àti Alabama, lórí ilẹ̀ oníyanrìn tó gbẹ. Ó máa ń ga tó mítà 20 sí 30. Èèpo rẹ̀ kò nípọn, nítorí náà iná igbó tètè máa ń bà á jẹ́. Òun náà ni igi àmì ìlú Washington, D.C.