Òpó àga baálé tí àwọn Viking ń jù sókun: kí ni ìtumọ̀ ẹ̀?

Ẹ̀gbọ́n kan béèrè pé òun wo síríìsì kan tó dá lórí àwọn Viking, ìyẹn àwọn atukọ̀ àti jagunjagun ayé àtijọ́ láti Norway àti agbègbè ẹ̀, òun wá rí bàbá kan nínú ọkọ̀ ojú omi tó ní òpó igi méjì tí wọ́n gbẹ́ ère sí lára, bó ṣe rí ilẹ̀ lọ́ọ̀ọ́kán báyìí ló ti òpó náà sínú òkun, pé kí ni ìtumọ̀ ẹ̀, ṣé ẹbọ ni àbí ó ń wo ibi tí omi ń ṣàn sí. Wọ́n tún béèrè pé ṣé òótọ́ ni pé ìjà pákó ló lé Erik Pupa, ọ̀kan nínú àwọn Viking yẹn, dé Greenland, erékùṣù ńlá kan lókun àríwá. Ẹ̀gbọ́n, méjèèjì wà nínú ìtàn àwọn ará Iceland, erékùṣù tí àwọn ará Norway lọ tẹ̀dó sí lókun àríwá, kì í ṣe àwọn onísìnímá ló hùmọ̀ ẹ̀. Ẹ jẹ́ n kọ́kọ́ mú ti òpó yẹn torí ọ̀rọ̀ ibẹ̀ ló pọ̀ jù.

Ilé wọn ní Norway láyé ọjọ́un, ilé gígùn kan gbọọrọ ni, iná ń jó láàárín ilẹ̀ẹ́lẹ̀, bẹ́ǹṣì wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri méjèèjì, orí bẹ́ǹṣì yẹn ni ará ilé àti àlejò ti ń jẹ, ibẹ̀ náà ni wọ́n ń sùn. Àárín bẹ́ǹṣì yẹn gan-an ni àga baálé wà, òpó méjì ló dúró tì í, ọ̀kan lọ́tùn-ún, ọ̀kan lósì. Kì í ṣe gbogbo ẹni tó bá wọlé ló ń jókòó síbẹ̀ o. Kódà tí bàbá bá kú, ọmọ tó fẹ́ jogún ò ní kàn gorí ẹ̀, iwájú àga náà, lórí àtẹ̀gùn, ló máa kọ́kọ́ jókòó sí lọ́jọ́ ìnáwó òkú, wọ́n á gbé ife ọtí wá, á dìde, á jẹ́jẹ̀ẹ́ níwájú gbogbo èèyàn, á mu ún tán, ìgbà yẹn ni wọ́n á tó mú un gorí àga bàbá ẹ̀, tó wá di onílé. Torí náà òpó yẹn kì í ṣe igi ilé lásán, àṣẹ baálé, orúkọ ìdílé àti òrìṣà tí ìdílé yẹn ń sìn ló so mọ́ ọn. Ẹni tó bá tú u kúrò lára ilé tó kó o sínú ọkọ̀, ẹni yẹn ò lérò àtipadà mọ́.

Ẹni tí gbogbo èèyàn mọ̀ mọ àṣà yìí ni Ingólfur Arnarson, tí àwọn ará Iceland ń kà sí ẹni àkọ́kọ́ tó kó ìdílé ẹ̀ wá tẹ̀dó síbẹ̀ tó sì dúró, ọdún 874 ni wọ́n máa ń kọ fún un. Kì í ṣe ìgbádùn ló gbé e kúrò ní Norway. Òun àti Hjörleifur, tó jẹ́ àna ẹ̀, tí wọ́n sì tún jọ mulẹ̀ bí ọmọ ìyá, bá àwọn ọmọ ìjòyè kan tó ń jẹ́ Atli jà, ẹ̀mí lọ sí i, ni wọ́n bá ní kí wọ́n fi ilẹ̀ àti dúkìá wọn san owó ẹ̀jẹ̀. Ẹ ẹ̀ rí i pé ilẹ̀ ti lọ, àmọ́ òpó àga ṣì wà lọ́wọ́ ẹ̀. Òun àti ìyàwó ẹ̀ Hallveig kó ẹrù sọ́kọ̀, nígbà tó rí Iceland ló ju òpó méjèèjì sómi, ó sì ṣèlérí pé ibi tí wọ́n bá gúnlẹ̀ sí lòun máa kọ́lé sí. Òkun gbé wọn lọ. Òun fúnra ẹ̀ gúnlẹ̀ sí apá gúúsù ìlà oòrùn, níbi tí wọ́n ń pè ní Ingólfshöfði títí dòní, ó wá rán ẹrú ẹ̀ méjì, Vífill àti Karli, pé kí wọ́n máa tọ etí òkun lọ, kí wọ́n máa wá òpó náà.

Hjörleifur ní tiẹ̀ kì í rúbọ, kò sì fẹ́ gbọ́ ọ̀rọ̀ òrìṣà. Ó ti lọ jagun ní Ireland tẹ́lẹ̀, ó kó ẹrú mẹ́wàá níbẹ̀. Akọ màlúù kan ṣoṣo ló mú dé Iceland, nígbà tó fẹ́ túlẹ̀ ó wá ní kí àwọn ẹrú yẹn máa fa ohun ìtúlẹ̀ bíi màlúù. Inú bí wọn, wọ́n pa màlúù náà, wọ́n ní béárì ló pa á, bí Hjörleifur àtàwọn èèyàn ẹ̀ ṣe fọ́n ká sínú igbó láti wá béárì ni wọ́n pa wọ́n lọ́kọ̀ọ̀kan, wọ́n kó àwọn obìnrin wọn, wọ́n sì wakọ̀ sá lọ sí àwọn erékùṣù kan níwájú etí òkun. Ingólfur tọ̀ wọ́n lọ síbẹ̀, ó sì gbẹ̀san, Vestmannaeyjar, ìyẹn erékùṣù àwọn ará ìwọ̀ oòrùn, ni wọ́n ń pe ibẹ̀ báyìí, torí ará ìwọ̀ oòrùn ni wọ́n máa ń pe àwọn ará Ireland. Ohun tí Ingólfur sọ nígbà tó rí òkú àna ẹ̀ ni pé ohun tó ń dé bá ẹni tí kì í rúbọ nìyẹn. Èmi ò gbà bẹ́ẹ̀ o, ìyà tó fi jẹ ọmọ ọlọ́mọ tó jí gbé ló pa á. Àmọ́ ẹ jẹ́ ká mọ ohun tí àwọn tó ń sọ ìtàn yẹn fẹ́ kí ọmọ wọn gbọ́: ọkùnrin méjì ló wá sórí ilẹ̀ kan náà, ọ̀kan fi ọ̀rọ̀ ilẹ̀ yẹn lé òrìṣà lọ́wọ́, èkejì kàn sọ̀ kalẹ̀ ó bẹ̀rẹ̀ sí í túlẹ̀, ẹ sì wo ẹni tó pẹ́ níbẹ̀.

Ọdún mẹ́ta kọjá kí wọ́n tó rí òpó yẹn, nísàlẹ̀ òkè kékeré kan tó ń jẹ́ Arnarhóll, àárín Reykjavik, olú ìlú Iceland, nìyẹn lónìí. Inú Karli ò dùn rárá, ó ní ṣé gbogbo ilẹ̀ ọlọ́ràá táwọn là kọjá yẹn, orí ilẹ̀ tó yọ sókun yìí làwọn wá fẹ́ máa gbé. Ó sá lọ, òun àti ẹrúbìnrin kan. Vífill gba òmìnira, wọ́n fún un ní ilẹ̀ tó ń jẹ́ Vífilsstaðir. Ọ̀rọ̀ tí Karli sọ yẹn ló fi ohun tí àṣà yìí jẹ́ hàn mí jù, torí tó bá jẹ́ pé wọ́n kàn ń wá ibi tó dáa ni, Ingólfur ì bá ti jókòó síbi tó ti wà. Ó ti lo ọdún mélòó kan lórí ilẹ̀ mìíràn, ó sì kó kúrò níbẹ̀ torí pé ó ti jẹ́jẹ̀ẹ́. Òun nìkan kọ́ o. Thord Skeggi ti gbé ní Lón ju ọdún mẹ́wàá lọ kó tó gbọ́ pé òpó òun ti gúnlẹ̀ sí Leiruvogur lápá kejì Iceland, ló bá ta ilẹ̀ tó ti fẹsẹ̀ múlẹ̀ lórí ẹ̀, ó kó lọ. Loðmundur náà ṣe bẹ́ẹ̀. Ti Kveldulf tún le jù, ó kú sójú omi, ó sì ti sọ kó tó kú pé kí wọ́n ju pósí òun sókun, kí ọmọ òun Skallagrim lọ kọ́lé síbi tí òkú òun bá gúnlẹ̀ sí. Borgarfjörður ló gúnlẹ̀ sí, ibẹ̀ náà sì ni Skallagrim kọ́lé sí.

Kí ló wá fà á tí wọ́n fi nílò irú nǹkan báyìí? Ṣebí àwọn Viking la mọ̀ wọ́n sí, àwọn tó ya wọ ilé àwọn mọ́ńkì ní Lindisfarne, erékùṣù kan nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ní June 8, ọdún 793, tí wọ́n pa wọ́n tí wọ́n kó ohun ìjọsìn lọ. Ọdún 876, ọdún méjì péré lẹ́yìn ọdún tí wọ́n kọ fún Ingólfur, ọ̀gágun wọn Halfdan pín ilẹ̀ Northumbria fún àwọn ọmọ ogun ẹ̀ nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, wọ́n sì bẹ̀rẹ̀ sí í fi dáko. Níbẹ̀ yẹn idà ló pín ilẹ̀, kò sẹ́ni tó ń béèrè pé ta ló fún ọ. Iceland yàtọ̀. Kò sí ọba níbẹ̀, kò sí onílẹ̀, àfi ìwọ̀nba àwọn mọ́ńkì ará Ireland tí ìtàn sọ pé wọ́n kúrò nígbà tí àwọn abọ̀rìṣà dé, tí wọ́n fi agogo àti ìwé wọn sílẹ̀. Ilẹ̀ tí kò ní onílẹ̀, ta ni ẹ fẹ́ tọrọ ẹ̀ lọ́wọ́ ẹ̀? Tí aládùúgbò yín bá dé lọ́dún tó ń bọ̀ tó ní òun náà fẹ́ ibẹ̀, kí lẹ máa sọ? Ibi tí mo rò pé ọgbọ́n àṣà yìí wà nìyẹn, ó jẹ́ kí baálé lè sọ pé òun kọ́ lòun yan ibẹ̀, àga òun ló ti débẹ̀ ṣáájú òun, òrìṣà ló gbé e síbẹ̀. Oyè tó jẹ́ ní Norway ló ń bá a bọ̀ yẹn, kì í ṣe pé ó ṣẹ̀ṣẹ̀ fẹ́ di èèyàn.

Àwọn òfin míì tí wọ́n fi ń gba ilẹ̀ bá èyí mu. Nígbà tí àwọn tó kọ́kọ́ dé ti gba ilẹ̀ rẹpẹtẹ tí àwọn tó tẹ̀ lé wọn ń bínú, wọ́n ní Ọba Harald ti Norway ló là á sílẹ̀ pé ọkùnrin ò gbọdọ̀ gba ju ibi tí òun àtàwọn ará ọkọ̀ ẹ̀ bá lè fi iná yí ká láàárín ọjọ́ kan. Obìnrin ní tiẹ̀ máa fa ọ̀dọ́ abo màlúù ọlọ́dún méjì, tara ẹ̀ dá ṣáṣá, lọ́jọ́ kan nígbà ìrúwé láti ìgbà tí oòrùn bá yọ títí tó fi máa wọ̀, ibi tó bá yí ká ló ni ín. Iná yẹn náà kì í ṣe ti ìwọ̀n nìkan, ó ń ya ilẹ̀ sọ́tọ̀ ni.

Àbí ká wo ti Thorolf Mostrarskegg. Ó ń tọ́jú ilé Thor, òrìṣà tó ni àrá, ní erékùṣù Moster ní Norway. Nígbà tó fẹ́ lọ, ó tú ilé òrìṣà yẹn, ó kó èyí tó pọ̀ jù nínú igi ẹ̀ àti erùpẹ̀ tó wà lábẹ́ ibi tí Thor ń jókòó sí. Ara ọ̀kan nínú òpó tó jù sómi ni wọ́n gbẹ́ ère Thor sí, ibi tó gúnlẹ̀ sí ní Breiðafjörður, ní ìwọ̀ oòrùn Iceland, ló sọ ní Þórsnes, ilẹ̀ Thor tó yọ sókun. Ibẹ̀ ló kọ́ ilé òrìṣà sí, ibẹ̀ náà ni wọ́n ti ń ṣe ìpàdé ìdájọ́. Òkè kan wà níbẹ̀ tó ń jẹ́ Helgafell, ẹni tí kò bá tíì bọ́jú ò gbọdọ̀ wò ó, wọn ò gbọdọ̀ pa ẹran tàbí èèyàn níbẹ̀, wọ́n gbà pé inú òkè yẹn làwọn máa wọ̀ táwọn bá kú. Ẹnì kan ò tiẹ̀ gbọdọ̀ yàgbẹ́ sórí ilẹ̀ ìpàdé, àpáta kan lójú omi ni wọ́n ń lọ fún ìyẹn, ìdílé kan wá sọ lẹ́yìn ikú Thorolf pé àwọn ò ní máa rin ìrìn àjò torí ìgbẹ́, wọ́n jà, ẹ̀jẹ̀ ta sílẹ̀, wọ́n ní ilẹ̀ ti bàjẹ́, wọ́n sì gbé ibi ìpàdé kúrò níbẹ̀.

Ẹ má wá rò pé ọkùnrin nìkan o. Aud, tí wọ́n ń pè ní Onílàákàyè, jẹ́ ìyàwó Olaf ọba Dublin. Ọkọ kú, wọ́n pa ọmọ ẹ̀ Thorstein ní Scotland, ló bá ní kí wọ́n kan ọkọ̀ fún òun nínú igbó ní bòńkẹ́lẹ́, ó kó àwọn ọmọ-ọmọ ẹ̀ àti ogún ọkùnrin tí kì í ṣe ẹrú, ó gba Orkney àti Faroe, ó ń fọmọ-ọmọ fọ́kọ lọ́nà, títí ó fi dé Iceland. Hvammur ló ti rí òpó àga ẹ̀, ó kọ́lé síbẹ̀, ó gba gbogbo àfonífojì agbègbè yẹn, ó sì pín ilẹ̀ fún àwọn ẹrú tó dá sílẹ̀. Kìrìsìtẹ́nì sì ni ìyá yìí, ó ri àgbélébùú mọ́ orí òkè tó ti ń gbàdúrà! Èyí ló jẹ́ kí n máa sọ pé ọ̀rọ̀ òpó yẹn ju ti Thor nìkan lọ, ẹni tí kò sin Thor mọ́ ṣì nílò àga tó máa fi jẹ́ olórí ilé.

Ní ti ìṣàn omi tí ẹ̀gbọ́n béèrè, omi etí òkun Iceland máa ń yí erékùṣù náà ká láti ìlà oòrùn, á gba gúúsù, á bọ́ sí ìwọ̀ oòrùn, torí náà kì í ṣe ìyanu pé ohun tí wọ́n jù lápá ìlà oòrùn gúnlẹ̀ sí Reykjavik. Ibi tí òkun bá sì ń kó igi wá sí, ẹ óò rí igi ìkọ́lé níbẹ̀, ẹja àti ẹran omi náà kì í jìnnà. Ó ṣeé ṣe kí àwọn atukọ̀ yẹn mọ̀ bẹ́ẹ̀, àmọ́ wọn ò fi ṣe ìdí, òrìṣà ni wọ́n fi ṣe ìdí.

Àwọn kan máa bi yín pé ṣé ìtàn yìí ṣẹlẹ̀ lóòótọ́. Àwọn Kìrìsìtẹ́nì ló kọ ọ́ sílẹ̀, ó lé ní igba ọdún lẹ́yìn tó ṣẹlẹ̀, àwọn ìdílé tó ń jogún ilẹ̀ yẹn ló sì dára fún jù, ẹ fìyẹn sọ́kàn. Àmọ́ nígbà tí wọ́n gbẹ́ ilẹ̀ ní Aðalstræti ní Reykjavik lọ́dún 2001, wọ́n bá ilé gígùn kan tó ti wà láti bíi ọdún 900 sí 1000, wọ́n tún bá ògiri kan tó wà lábẹ́ eérú òkè oníná tó bọ́ sílẹ̀ ní nǹkan bí ọdún 871 sí 877. Torí náà ìgbà tí ìtàn dá ò jìnnà sí òótọ́. Òpó méjì lórí ìgbì omi ni àmì ìlú Reykjavik títí dòní.

Ó ku ti Erik Pupa. Òótọ́ ni, àmọ́ pákó tiẹ̀ kì í ṣe òpó àga, pákó gbọọrọ tí wọ́n fi ń ṣe etí bẹ́ǹṣì inú ilé ni, òun náà sì níyì lójú wọn. Wọ́n ti lé e kúrò ní Haukadalur torí pé ó pààyàn, ó wá ń kó lọ sí erékùṣù kan ní Breiðafjörður, ló bá yá Thorgest ní pákó yẹn. Nígbà tó kọ́lé tán tó lọ béèrè, Thorgest ò dá a padà. Erik lọ kó o fúnra ẹ̀, Thorgest lé e, wọ́n jà, àwọn ọmọ Thorgest méjì kú síbẹ̀ pẹ̀lú àwọn míì. Ìpàdé Þórsnes, ní agbègbè tí òpó Thorolf gúnlẹ̀ sí yẹn, ló dá a lẹ́jọ́ pé kó kúrò nílùú fún ọdún mẹ́ta. Ọdún mẹ́ta yẹn ló fi yẹ Greenland wò, ó padà wá, ó ní òun máa pe ibẹ̀ ní ilẹ̀ tútù yọ̀yọ̀ kó lè wu èèyàn, ní nǹkan bí ọdún 985 tàbí 986 ọkọ̀ 25 tẹ̀ lé e, 14 ló débẹ̀. Ibẹ̀ náà ni Leif ọmọ ẹ̀ ti gbéra lọ sí Amẹ́ríkà, àwọn ará Greenland sì kọ́lé sí ibi tí wọ́n ń pè ní L'Anse aux Meadows ní Newfoundland, ní Kánádà, níbi tí wọ́n ti rí igi tí wọ́n fi irin gé lọ́dún 1021.