Èsì: Fíìmù ìjàkadì wo ni kí n kọ́kọ́ wò?

Ẹ̀gbọ́n, nínú àwọn tó ń ya fíìmù nípa ìgbésí ayé àwọn oníjàkadì orí tẹlifíṣọ̀n, ti Paul Jay, ará Kánádà, ni kí ẹ fi bẹ̀rẹ̀: Wrestling with Shadows (1998). Ó ti ń tẹ̀lé oníjàkadì Bret Hart kiri tipẹ́ kí wọ́n tó rẹ́ ẹ jẹ ní Montreal lóṣù kọkànlá 1997. Òun àti ọ̀gá rẹ̀ ti jọ fẹnu kò lórí bí ìjà ṣe máa parí, àmọ́ wọ́n yí i padà láìsọ fún un o! Àṣé Hart ti fi ẹ̀rọ agbóhùn pamọ́ sára wọlé bá ọ̀gá rẹ̀, Vince McMahon. Gbogbo àdéhùn ló wọnú fíìmù.

Ti Barry Blaustein, Beyond the Mat, náà dáa, àmọ́ ẹ má jẹ́ káwọn ọmọdé wò ó. Wọ́n de oníjàkadì Mick Foley ní ṣẹ́kẹ́ṣẹkẹ̀, wọ́n ń fi àga irin lù ú lórí, àwọn ọmọ rẹ̀ ń ké lẹ́gbẹ̀ẹ́ ibẹ̀.