Ẹ má gbé e fún wọn kà kó tó jáde

Ọ̀kun o, àbúrò. Mo rí ìbéèrè rẹ. O ní ìwọ àti àwọn ọ̀rẹ́ rẹ fẹ́ dá ìwé ìròyìn akẹ́kọ̀ọ́ sílẹ̀ ní Kabba, ẹ fẹ́ mọ̀ bóyá kí ẹ kọ́kọ́ gbé ẹ̀dà àkọ́kọ́ fún Student Affairs, ọ́fíìsì tó ń mójú tó ọ̀rọ̀ akẹ́kọ̀ọ́, kà, àti iye tí títẹ̀ rẹ̀ yóò ná yín. Èmi náà ti ṣe olóòtú irú ìwé bẹ́ẹ̀ rí ní yunifásítì. Ojú mi rí màbo.

Ti àṣẹ ná. Ìwé òfin ilẹ̀ wa ti 1999, abala 39, sọ pé ẹnikẹ́ni ló lẹ́tọ̀ọ́ láti dá ilé iṣẹ́ ìròyìn sílẹ̀ kó sì máa darí rẹ̀. Rédíò àti tẹlifíṣọ̀n nìkan ni wọ́n yọ sọ́tọ̀ pé ó di dandan kéèyàn gbàṣẹ. Ṣùgbọ́n ilé ẹ̀kọ́ ní òfin tirẹ̀ lórí ẹgbẹ́ akẹ́kọ̀ọ́. Ẹ forúkọ ẹgbẹ́ yín sílẹ̀, ẹ wá olùkọ́ kan tí yóò máa mójú tó yín, kí wọ́n má baà rí ìyẹn dì mú. Kò ju bẹ́ẹ̀ lọ. Kí wọ́n mọ̀ yín jẹ́ ọ̀tọ̀, kí wọ́n máa ka ìròyìn yín kó tó jáde jẹ́ ọ̀tọ̀. Ẹ gbé e fún wọn kà lẹ́ẹ̀kan péré, ẹ ti di ọmọ ọ̀dọ̀ wọn nìyẹn. Wọn á ní kí ẹ yọ gbólóhùn yìí, kí ẹ fi fọ́tò ọ̀gá àgbà síwájú. Kó tó jáde tán, ìwé ìkíni ọjọ́ ìbí ló máa kù lọ́wọ́ yín.

Tiwa, omi ló fà á. Gbogbo ẹni tó wà ní hóstẹ́ẹ̀lì ló san owó omi àti iná mọ́ owó ilé ẹ̀kọ́, ó wà lórí rìsíìtì gbangba. Borehole kò sì ṣiṣẹ́. Mẹ́ruwà là ń dúró dè láàárọ̀, ẹni tí kò bá lówó á lọ sí kíláàsì láìwẹ̀. A ya fọ́tò rìsíìtì, a ya fọ́tò ẹ̀rọ tí ìpẹtà ti jẹ, òṣìṣẹ́ kan sì là á yé wa ìgbà tó ti bàjẹ́ àti ọ́fíìsì tí òun ti kọ̀wé sí. A kọ gbogbo rẹ̀, a lẹ̀ ẹ́ mọ́ bọ́ọ̀dù lẹ́nu ọ̀nà hóstẹ́ẹ̀lì. Kílẹ̀ tó ṣú, wọ́n ti fà á ya.

Kò sẹ́ni tó sọ pé irọ́ la pa. Ìyẹn ló ń bí mi nínú títí dòní. Ìwé wá-wí-tẹnu-rẹ tí wọ́n fún mi kò dárúkọ omi rárá, wọ́n kàn kọ ọ́ síbẹ̀ pé mo hùwà tó lè da ilé ẹ̀kọ́ rú. Wọ́n ní kí n wá síwájú ìgbìmọ̀ ìbáwí. Mo jókòó sórí bẹ́ǹṣì níta, wọ́n ní kí n padà wá lọ́la. Mo dé lọ́la, alága ti lọ sí Abuja. Bá a ṣe ń bá a yí nìyẹn títí ìdánwò fi ká mi mọ́ orí bẹ́ǹṣì. Nígbà tí wọ́n jàjà ní kí n wọlé, omi inú ọ̀rá wà níwájú olúkúlùkù wọn lórí tábìlì. Ọ̀kan fi eyín já tirẹ̀, ó mu ún, ó nu ẹnu, ó wá bi mí pé, "Ta ló sọ fún ẹ pé kò sómi?"

Orúkọ òṣìṣẹ́ yẹn ni wọ́n ń wá. Mo ní mi ò ní sọ. Alága ṣí fáìlì mi, ó ka iṣẹ́ tí bàbá mi ń ṣe sókè, ó ní ṣé owó iṣu ni bàbá mi fi ń rán mi níṣẹ́ pé kí n wá máa bá ìjọba jà. Iṣu Yàgbà ni bàbá mi ń gbìn o, kò sì jẹ ìjọba lówó.

Wọn ò lé mi. Ì bá tiẹ̀ sàn kí wọ́n lé mi, màá mọ èyí tí mo máa ṣe. Èsì ìdánwò mi ni wọ́n dá dúró. Àwọn ẹgbẹ́ mi wọ kàkí lọ sìnrú ìlú, orúkọ tèmi kò jáde. Akọ̀wé kan á ní fáìlì mi wà lókè pẹ̀tẹ́ẹ̀sì, mo bá gòkè, tòkè á ní ó ti sọ̀ kalẹ̀. Ìyá mi tẹ̀ lé mi wá láti ilé lọ́jọ́ kan, ó kúnlẹ̀ fún ọmọ tí kò ju àbúrò mi lọ, ọmọ ọ̀hún kò sì gbójú kúrò lára fóònù rẹ̀. Olùkọ́ tó ń lu tábìlì ní kíláàsì pé ajá tó ń ṣọ́lé fún ìlú ni oníròyìn, mo bẹ̀ ẹ́ kó wá jẹ́rìí sí mi. Ó ní ọ̀rọ̀ ìgbéga òun wà nílẹ̀.

Ṣùgbọ́n ẹ gbọ́ o, kí ọ̀rọ̀ mi tó parí, omi ti ń yọ ní hóstẹ́ẹ̀lì.

Lọ́yà ọmọ ìlú wa kan ní Lọ́kọ́ja ló kọ lẹ́tà tó tú mi sílẹ̀, nǹkan tó sì rí dì mú ni pé ẹ̀dà gbogbo rìsíìtì àti fọ́tò wà nílé ẹ̀gbọ́n mi. Ẹ má kó ẹ̀rí sínú yàrá hóstẹ́ẹ̀lì, wọ́n á wá tú u. Ẹ má fi í sórí fóònù nìkan. Orúkọ ẹni tó bá yín sọ̀rọ̀ kò gbọdọ̀ wà nínú ìwé kankan, kó má sì wà lórí WhatsApp ẹgbẹ́ yín, torí ọ̀kan nínú yín máa tú u síta tí wọ́n bá halẹ̀ mọ́ ọn.

Òfin kan tún wà tí ẹnikẹ́ni ò sọ fún wa, òfin 2011 tó fún aráàlú lẹ́tọ̀ọ́ láti béèrè àkọsílẹ̀ lọ́wọ́ ilé iṣẹ́ ìjọba. Ẹ kọ̀wé béèrè iye tí wọ́n gbà fún omi àti bí wọ́n ṣe ná an. Ẹ ò níláti sọ ìdí tí ẹ fi fẹ́ mọ̀ ọ́n. Ọjọ́ 7 ló fún wọn láti fèsì, tí wọ́n bá sì fi í dù yín láìtọ́, owó ìtanràn tó wà níbẹ̀ jẹ́ 500,000 náírà. Ẹ gba òǹtẹ̀ sórí ẹ̀dà tiyín lọ́jọ́ tí ẹ bá fi í sílẹ̀, bí bẹ́ẹ̀ kọ́, wọ́n á ní àwọn ò rí i. Ẹ má béèrè fáìlì ẹnì kan pàtó o, òfin yẹn náà ló dáàbò bo ìyẹn.

Ẹ ṣọ́ra fún àwọn olóṣèlú. Bí ìdìbò bá ti ń sún mọ́lé ní Kogi, ẹnì kan á wá bá yín láti Ìsánlú tàbí Ìyàrà pé òun fẹ́ ran àwọn ọmọ òun lọ́wọ́, òun á sanwó ìtẹ̀wé. Òun náà fẹ́ ka ìwé yín kó tó jáde ni. Bí ọ̀rọ̀ bá sì kan ọmọbìnrin tí olùkọ́ ń yọ lẹ́nu, ẹ fi orúkọ ọmọ náà bò. Mo rí ibi tí wọ́n ti kọ orúkọ irú ọmọ bẹ́ẹ̀ sí bọ́ọ̀dù. Òun ló fi ilé ẹ̀kọ́ sílẹ̀, olùkọ́ ṣì ń kọ́ni.

Àwọn kan á sọ fún yín pé ọ̀rọ̀ ọmọdé ni ìwé akẹ́kọ̀ọ́. Chinua Achebe ṣe olóòtú University Herald nígbà tó wà lọ́mọ ilé ẹ̀kọ́ ní Ìbàdàn. The Harvard Crimson, ìwé ìròyìn yunifásítì Harvard ní Amẹ́ríkà, ń jáde láti 1873, akẹ́kọ̀ọ́ ló ń darí rẹ̀. Orúkọ Nàìjíríà gan-an, inú ìwé ìròyìn The Times ti Lọ́ńdọ̀nù ni Flora Shaw ti dá a lábàá ní 1897, kó tó di ìyàwó Lugard tí ẹ ń rí ilé rẹ̀ ní Lọ́kọ́ja. Ìwé ìròyìn Èkó kì í rántí Kabba àfi táwọn ajínigbé bá ti ṣọṣẹ́ lójú ọ̀nà. Ta ló máa kọ tiwa? Ẹ fi ojú ewé kan sí Yorùbá. Bí òyìnbó oníwàásù Henry Townsend ṣe bẹ̀rẹ̀ ìwé ìròyìn tirẹ̀ nìyẹn ní Abẹ́òkúta ní 1859, èdè tí ará ìlú gbọ́ ló fi kọ ọ́. Ìyá tó ń ta ẹ̀fọ́ lọ́jà ló ń sanwó ilé ẹ̀kọ́ yín, ó yẹ kó gbọ́ ibi tí owó rẹ̀ wọlé sí.

Ẹ béèrè iye owó, mo ti ń gbàgbé. Títẹ̀ kò le. Ẹni tó mọ kọ̀ǹpútà á tò ó, ẹ ṣe fọ́tòkọ́pì ìwọ̀nba, ẹ lẹ ìyókù mọ́ bọ́ọ̀dù, ẹ fi PDF ránṣẹ́. Iye tí wọ́n ń gbà ń yí padà lójoojúmọ́, ẹ bi atẹ̀wé méjì tàbí mẹ́ta kí ẹ tó mú ọ̀kan. Ẹ má san gbogbo owó tán kó tó kó iṣẹ́ lé yín lọ́wọ́. Tí oníbúrẹ́dì bá sì fún yín ní ìpolówó, ẹ gba owó náà ṣáájú, ìpolówó tirẹ̀ nìkan sì ni kí ẹ jẹ́ kó kà.