Bí Iowa ṣe ń fi afẹ́fẹ́ pèsè iná mànàmáná

Ẹ̀gbọ́n, ẹ kú iṣẹ́ o. Ẹ bèèrè bóyá lóòótọ́ ni afẹ́fẹ́ ń pèsè iná ju èédú lọ ní Iowa, ìpínlẹ̀ kan ní Amẹ́ríkà tí a mọ̀ mọ́ àgbàdo àti ẹlẹ́dẹ̀. Òótọ́ ni: láti ọdún 2019 ni afẹ́fẹ́ ti kọjá èédú níbẹ̀, ó sì ti ju ìdajì gbogbo iná tí wọ́n ń pèsè lọ báyìí.

Kò ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀. Ní 1983 ni wọ́n ti ṣòfin pé kí àwọn iléeṣẹ́ iná ńlá ìpínlẹ̀ náà máa ra lára iná tó ń ti inú ohun tí kì í tán wá, bí afẹ́fẹ́ àti oòrùn, òfin àkọ́kọ́ irú rẹ̀ ní Amẹ́ríkà. Ẹ̀dínwó owó orí tí ìjọba àpapọ̀ gbé kalẹ̀ ní 1992 sì fún un lágbára sí i.

Ṣùgbọ́n lójú tèmi, àwọn àgbẹ̀ ló mú un fìdí múlẹ̀. Iléeṣẹ́ a háyà ìwọ̀nba ilẹ̀ tí òpó ẹ̀rọ tí afẹ́fẹ́ ń yí àti ọ̀nà kékeré tó lọ sídìí rẹ̀ gbà, àgbẹ̀ a sì máa gbin àgbàdo àti ẹ̀wà sóyà títí dé ìdí òpó náà, bẹ́ẹ̀ ni owó ilẹ̀ ń wọlé fún un lọ́dọọdún, yálà òjò rọ̀ tàbí kò rọ̀. Èédú ní tirẹ̀, ọkọ̀ ojú irin ló ń kó o wá láti ìpínlẹ̀ Wyoming, owó rẹ̀ sì ń jáde kúrò nílé.

Ẹ má ṣe rò pé èédú ti tán o. Nígbà tí afẹ́fẹ́ bá dákẹ́, òun àti gáàsì ni wọ́n ṣì ń gbára lé.