Èsì: Ṣé kí n fi ohùn aṣàlàyé sí fíìmù iṣẹ́ gàrí náà?

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀gbọ́n. Ẹ ní ṣé kẹ́ ẹ fi ohùn aṣàlàyé sí fíìmù kékeré tẹ́ ẹ ń ṣe nípa ilé-iṣẹ́ gàrí n'Íjẹ̀bú-Igbó. Ẹ má fi sí i jàre. Ariwo ẹ̀rọ tó ń rin ẹ̀gẹ́ ti tó ọ̀rọ̀. Fíìmù táwọn Lumière, tẹ̀gbọ́n-tàbúrò ará Faransé tó wà lára àwọn tó kọ́kọ́ ń ya fíìmù, yà ní 1895, níbi tí òṣìṣẹ́ ti ń jáde nílé-iṣẹ́ wọn nílùú Lyon, kò tó ìṣẹ́jú kan, kò sì ní ohùn rárá.

Gàrí Ìjẹ̀bú máa ń wà nínú àpò fún ọjọ́ mélòó kan kó lè kan dáadáa, nítorí náà ẹ ó padà lọ. Ẹ pẹ́ nídìí agbada: ọwọ́ ìyá tó ń yan án ni kẹ́ ẹ yà, àti àfọ́kù igbá tó fi ń rò ó. Èéfín á bo lẹ́ńsì o, ẹ mú aṣọ ìnùjú dání.