Kí ló dé tí ipò mínísítà fi gba àga Masterman lọ́wọ́ rẹ̀?

Ẹnìkan bèèrè pé, òun kà á pé lọ́dún 1914 wọ́n gbé òṣèlú Gẹ̀ẹ́sì kan tí ń jẹ́ Charles Masterman ga dé ipò mínísítà, ìgbéga yẹn gan-an ló sì lé e kúrò nílé aṣòfin. Àṣà wo nìyẹn, kí sì ni ìtumọ̀ rẹ̀?

Àṣà náà ti pẹ́. Ní ìbẹ̀rẹ̀ ọ̀rúndún kejìdínlógún, ẹ̀rù ọba ń ba àwọn aṣòfin ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, nítorí pé ọba a máa fi ipò olówó fa ojú àwọn tó yẹ kó máa ṣọ́ ọ mọ́ra, ẹnu tó bá sì ti jẹ dòdò kì í lè sọ òdodo mọ́. Òfin 1701 tilẹ̀ fẹ́ ti ilẹ̀kùn ilé aṣòfin pátápátá mọ́ ẹnikẹ́ni tó bá ń gba owó iṣẹ́ lọ́wọ́ ọba, ṣùgbọ́n kí apá yẹn tó fẹsẹ̀ múlẹ̀ ni wọ́n ti dẹ okùn rẹ̀. Nígbà tó fi di 1707, ohun tí òfin ń wí ni pé kí aṣòfin tó bá gba irú ipò bẹ́ẹ̀ fi àga rẹ̀ sílẹ̀, kí ó padà sọ́dọ̀ àwọn tó yàn án, bí wọ́n bá sì ṣì fẹ́ ẹ, kí wọ́n tún ìbò dì fún un. (Inú èrò kan náà ni àṣà mìíràn ti jáde tó wà títí dòní: aṣòfin tó bá fẹ́ lọ kì í kọ̀wé fipò sílẹ̀, ńṣe ni yóò tọrọ iṣẹ́ ọba kan tí kò ní iṣẹ́ nínú, kí àga rẹ̀ lè bọ́.)

Ní ayé Masterman, ẹgbẹ́ òṣèlú tó pọ̀ jù nílé ló ń yan mínísítà, kì í ṣe ọba. Ìdí àṣà náà ti kú, ṣùgbọ́n òfin ṣì wà, alátakò tó bá fẹ́ sì lè fi í mú ènìyàn. Ó mú Winston Churchill ní Manchester ní 1908, ṣùgbọ́n kò pẹ́ tó fi rí àga mìíràn ní Dundee.

Masterman kò ní irú oríire yẹn. Ọmọ ẹgbẹ́ Liberal ni, ó wọlé ní 1906, ó sì ti fi ìgbà kan gbé láàárín àwọn tálákà ní Camberwell. Lẹ́yìn tí wọ́n fagi lé ìbò rẹ̀ ní West Ham ní 1911 nítorí ìwà aṣojú tó bá a ṣètò ìdìbò, ó wọlé láti Bethnal Green, ní ìlà-oòrùn Lọ́ńdọ̀nù. Òun ló wà nídìí òfin adójútòfò tí wọ́n ṣe lọ́dún yẹn. Lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀, kọ́bọ̀ mẹ́rin ayé ọjọ́un ń kúrò nínú owó òṣìṣẹ́ ọkùnrin, ọ̀gá rẹ̀ ń fi tọ́rọ́ kún un, ìjọba ń fi kọ́bọ̀ méjì sí i, wọ́n a sì lẹ sítáǹbù mọ́ káàdì. Àǹfààní rẹ̀ pọ̀ nígbà àìsàn, ṣùgbọ́n kọ́bọ̀ mẹ́rin tó ń lọ ni ojú ń rí.

Ní oṣù kejì 1914 ni wọ́n fi í ṣe alábòójútó Duchy of Lancaster, ìyẹn ilẹ̀ àti dúkìá ọba, ipò tí iṣẹ́ inú rẹ̀ kéré ṣùgbọ́n tó gbé e wọ ìgbìmọ̀ àwọn mínísítà àgbà. Ó padà sí Bethnal Green, Mathew Wilson ti ẹgbẹ́ Konsafétífù sì fi ìbò 24 péré borí rẹ̀, nígbà tí John Scurr, oníṣọ́ṣálíìsì, kó 316 lọ. Ní oṣù karùn-ún, ó tún gbìyànjú ní Ipswich, ó tún fìdí rẹmi. Kò sí òfin tó ní kí mínísítà tí kò ní àga lọ lójú ẹsẹ̀, ṣùgbọ́n kò bójú mu kí ó pẹ́ bẹ́ẹ̀. Ní oṣù kejì 1915, ó fi ipò sílẹ̀.

Lójú tèmi, àwọn ará Bethnal Green kò dáhùn ìbéèrè tí òfin 1707 ń bi wọ́n rárá. Kò sí ẹni tó rò pé ọba ti ra Masterman. Sítáǹbù ni wọ́n dìbò lé lórí. Ní 1919, wọ́n yọ mínísítà tó bá gba ipò láàárín oṣù mẹ́sàn-án lẹ́yìn ìdìbò gbogbogbòò kúrò nínú òfin náà, wọ́n sì pa gbogbo rẹ̀ rẹ́ ní 1926. Masterman ṣì wà láàyè nígbà náà, ṣùgbọ́n àga tó rí gbà ní Manchester ní 1923 ti bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀ ní 1924.