Ṣé mo lè máa darí fíìmù kí n tún máa gbé kámẹ́rà fúnra mi?

Ìbéèrè: Ẹ̀gbọ́n, ẹ kú iṣẹ́ o. Èmi ni mò ń darí àwọn fíìmù kéékèèké tí mò ń ṣe, èmi náà ni mò ń yà á. Àwọn ọ̀rẹ́ mi ní kí n mú ọ̀kan kí n fi ìkejì sílẹ̀, pé méjèèjì ò lè papọ̀. Ṣé òótọ́ ni?

Ìdáhùn: Àbúrò, ó ń ṣeé ṣe. Alfonso Cuarón ló darí fíìmù Roma, òun náà ló yà á torí ẹni tó máa ń bá a yà á ò ráyè, ó sì gba Oscar fún iṣẹ́ méjèèjì lọ́dún 2019. Steven Soderbergh, dírẹ́kítọ̀ míì, náà ń ṣe é, àmọ́ Peter Andrews lo máa rí níbi orúkọ kámẹ́rámàn, orúkọ bàbá ẹ̀ ló mú lò.

Àmọ́ òṣèré nìyà máa ń jẹ. Tó o bá ti fojú sí kámẹ́rà, bóyá fókọ́ọ̀sì ti bọ́ tí àwòrán ò mọ́ kedere mọ́ lò ń wò, bóyá máìkì ti yọjú lókè, òṣèré á sọ̀rọ̀ bí ẹni ń kàwé o ò ní gbọ́, wàá ní ó dáa ẹ jẹ́ ká lọ, ìgbà tẹ́ ẹ bá ń ẹ́díìtì lojú ẹ máa tó là. Torí náà, tẹ́ ẹ bá ń ṣe rìhásà, má fọwọ́ kan kámẹ́rà rárá. Jókòó, máa wò wọ́n, jẹ́ kí wọ́n ṣe é títí á fi wọ̀ wọ́n lára, lẹ́yìn ìyẹn ni kó o tó wá ibi tí kámẹ́rà máa dúró sí. Tẹ́ ẹ bá sì ya ìran kan tán, òṣèré ni kó o kọ́kọ́ bá sọ̀rọ̀ kó o tó lọ pààrọ̀ lẹ́ńsì, tó o bá dákẹ́ wọ́n á rò pé àwọn ti bà á jẹ́ ni.

Owó yòówù tó o ní, bó ti wù kó kéré, fi wá ẹni tó mọ iná tò àti ẹni tó máa máa bá ẹ wo fókọ́ọ̀sì. Ẹ̀díìtì náà, tí owó bá wà, gbé e fún ẹlòmíì jàre.

Àwọn kan máa fẹ́ fi owó iṣẹ́ kan gba méjì lọ́wọ́ ẹ o, má gbà. Owó dírẹ́kítọ̀ lọ́tọ̀, owó kámẹ́rámàn lọ́tọ̀, tó bá jẹ́ kámẹ́rà tìẹ lẹ máa lò, owó ìyẹn náà lọ́tọ̀, kó wà nínú ìwé àdéhùn. Tí dírẹ́kítọ̀ míì bá sì ní kó o wá ya fíìmù fóun, lọ, má bá a du iṣẹ́ ẹ̀, ṣáà máa wo bó ṣe ń bá àwọn òṣèré ẹ̀ sọ̀rọ̀.